Ṣé ẹ̀ẹ̀mejì ni wọ́n ń gba táàsì lọ́wọ́ mi? Ìdáhùn fún olùkọ́ kan tó tún ń ránṣọ ní Àkúrẹ́

Ìbéèrè: Ẹ jọ̀ọ́, olùkọ́ ni mí ní ilé ìwé aládàáni kan ní Àkúrẹ́ níbí, ₦150,000 ni owó oṣù mi. Wọ́n ń yọ ₦12,000 fún pẹ́ńṣàn, wọ́n tún ń yọ ₦11,142 fún táàsì lóṣooṣù, iye tí wọ́n ń yọ lọ́dún tó kọjá náà nìyẹn. Tí mo bá ti ilé ìwé dé mo máa ń ránṣọ ní ṣọ́ọ̀bù mi lójú ọ̀nà Ìjọ̀kà. Lọ́sẹ̀ tó kọjá àwọn kan gbé bébà wá pé kí n wá san táàsì ṣọ́ọ̀bù. Ṣé èèyàn kan á máa san ẹ̀ẹ̀mejì ni? Àbúrò mi tó wà ní Kánádà náà tún máa ń fowó ránṣẹ́ sínú akáǹtì mi, ilé màmá wa la fi ń kọ́ ní Oǹdó, wọ́n wá ń sọ pé ìjọba máa gé nínú ẹ̀. ₦300,000 ni mò ń san lọ́dún fún ilé tí mò ń gbé. Ta gan-an ló yẹ kó san táàsì yìí, báwo ni wọ́n tiẹ̀ ṣe ń ṣírò ẹ̀?

Ìdáhùn: Ẹ̀gbọ́n mi, ẹ kú iṣẹ́ o, ẹ kú ìnáwó ilé màmá. Kí n tó dé orí ohun tẹ́ ẹ bèèrè, nǹkan kan wà nínú ọ̀rọ̀ yín tẹ́ ẹ ò bèèrè tó kọ́kọ́ gba ojú mi, ₦11,142 yẹn ni. Ìṣirò àtijọ́ ni bọ́sà, ẹni tó ń bójú tó owó ní ilé ìwé yín, ṣì ń lò. Òfin táàsì tuntun tí Ààrẹ Tinubu buwọ́ lù ní oṣù kẹfà ọdún 2025 ti bẹ̀rẹ̀ iṣẹ́ láti ọjọ́ kìíní oṣù kìíní ọdún 2026, ọ̀nà tí wọ́n ń gbà yọ táàsì owó oṣù ti yàtọ̀, tí iye tí wọ́n ń yọ fún yín ò bá wá yí padà rárá láti ọdún tó kọjá, a jẹ́ pé wọn ò tíì ṣe nǹkan kan sí i nìyẹn.

Ẹ mú bírò, ká jọ ṣe é. ₦150,000 lọ́nà méjìlá, ₦1,800,000 nìyẹn lọ́dún. Ẹ yọ pẹ́ńṣàn kúrò níbẹ̀, ₦144,000, torí wọn kì í gba táàsì lórí owó tẹ́ ẹ fi sí pẹ́ńṣàn. Owó ilé náà ńkọ́? Òfin tuntun ní kí wọ́n mú ìdá kan nínú márùn-ún owó ilé tẹ́ ẹ san fún lánlọ́ọ̀dù, kí wọ́n yọ ìyẹn náà kúrò kí wọ́n tó ṣírò táàsì, kò ṣáà gbọdọ̀ ju ₦500,000 lọ. Tiyín jẹ́ ₦60,000. Ohun tó wá kù ni ₦1,596,000. Nínú ẹ̀, ₦800,000 àkọ́kọ́, ìjọba ò ní gba kọ́bọ̀ níbẹ̀. Ó ku ₦796,000, orí èyí nìkan ni wọ́n ti máa gba 15%, ìyẹn ni pé nínú ọgọ́rùn-ún náírà kọ̀ọ̀kan, mẹ́ẹ̀ẹ́dógún ni tìjọba. Ó di ₦119,400 lọ́dún, tẹ́ ẹ bá pín in sọ́nà méjìlá, ₦9,950 lóṣù.

Torí náà ₦9,950 ló yẹ kẹ́ ẹ máa rí lórí pésílíìpù yín. Tẹ́ ẹ bá sọ fún bọ́sà, tó wá tún un ṣe, tẹ́ ẹ wá rí ₦10,700 lóṣù tó ń bọ̀, ẹ má tíì dúpẹ́, ìyẹn túmọ̀ sí pé ó ti gbé òfin tuntun wọlé lóòótọ́ ṣùgbọ́n kò yọ ti owó ilé fún yín, torí ẹ ò mú ìwé wá. Ọ̀pọ̀ èèyàn ni owó yìí ń bọ́ lọ́wọ́ wọn báyìí. Ilé ìwé ò lè mọ iye tẹ́ ẹ ń san fún lánlọ́ọ̀dù àyàfi tẹ́ ẹ bá fi hàn wọ́n, ẹ ṣe kópì rìsíìtì ilé àti àgíríìmẹ́ǹtì, ẹ so ó mọ́ lẹ́tà kékeré kan, ẹ fún bọ́sà, kẹ́ ẹ jẹ́ kó buwọ́ lu kópì tiyín pé òun gbà á. Iye tẹ́ ẹ san gan-an ni kẹ́ ẹ kọ o, ẹ má bu iyọ̀ sí i, torí wọ́n lè ní kẹ́ ẹ mú ẹ̀rí wá. Èyí tí wọ́n ti yọ jù láti oṣù kìíní, ẹ ní kí wọ́n fi tún ti àwọn oṣù tó kù ṣe, ìṣirò ọdún kan gbáko ni táàsì owó oṣù, wọ́n kàn ń pín in sí oṣooṣù ni. Lọ́dún kan, ìyàtọ̀ láàárín ti àtijọ́ àti tuntun lára yín ju ₦14,000 lọ, owó yín ni.

Ta ló yẹ kó san? Gbogbo ẹni tówó ń wọlé fún nípasẹ̀ iṣẹ́, òwò, ilé tó fi ń gba rẹ́ǹtì, èlé orí owó tàbí kọ́ńtíráàtì, òfin pe gbogbo wọn síbẹ̀. Ṣùgbọ́n kí wọ́n pè ẹ́ yàtọ̀ sí kí o jẹ gbèsè. Ẹni tí gbogbo owó tó wọlé fún un lọ́dún, lẹ́yìn tá a ti yọ ohun tó yẹ ká yọ, kò bá kọjá ₦800,000, kò ní san nǹkan kan. Ẹni tó ń gba owó oṣù tó kéré jù tí ìjọba àpapọ̀ là kalẹ̀, ₦70,000, kò ní san, òfin fúnra ẹ̀ ló yọ ọ́ sílẹ̀. Òṣìṣẹ́ ìjọba ìpínlẹ̀ wa tó wà ní ìsàlẹ̀ pátápátá, ₦73,000 ló ń gbà, tẹ́ ẹ bá ṣe é lọ́nà méjìlá á di ₦876,000, ẹ yọ pẹ́ńṣàn 8%, ẹ yọ ìdá kan nínú márùn-ún owó ilé, kódà kó jẹ́ ilé ₦100,000 ló ń gbé, ó ti bọ́ sí abẹ́ ₦800,000 nìyẹn, kò sí táàsì lọ́rùn ẹ̀.

Àwọn tó lówó ju èyí lọ ni wọ́n ń gun àkàbà. Lẹ́yìn ₦800,000 yẹn, ₦2,200,000 tó tẹ̀ lé e, 15% ni. ₦9 mílíọ̀nù tó tún tẹ̀ lé e, 18%. Ẹ̀yìn ìyẹn ni ₦13 mílíọ̀nù lórí 21%, lẹ́yìn náà ₦25 mílíọ̀nù lórí 23%, gbogbo ohun tó bá ti kọjá ₦50 mílíọ̀nù wá di 25%. Ohun tí mo fẹ́ kẹ́ ẹ gbọ́ dáadáa níbí, torí mo ti gbọ́ ọ lẹ́nu àwọn tó kàwé gan-an, ni pé tẹ́ ẹ bá bọ́ sí ìpele 18% wọn ò ní padà wá fi 18% gé gbogbo owó yín látìbẹ̀rẹ̀. Ẹni tí owó tó kan táàsì ẹ̀ jẹ́ ₦3,000,000 gééré, ₦330,000 ló máa san. Tó bá wá rí náírà kan ṣoṣo lé e, kọ́bọ̀ méjìdínlógún ni táàsì fi máa lé sí i. Èèyàn kan ò lè torí àfikún owó oṣù di ẹni tó ń mú owó tó kéré lọ sílé, ẹ má jẹ́ kí ẹnikẹ́ni fi ìyẹn bà yín lẹ́rù kẹ́ ẹ má lọ gba ìgbéga.

Ọ̀gbẹ́ni Taiwo Oyèdélé tó jẹ́ alága ìgbìmọ̀ tí Ààrẹ gbé kalẹ̀ ní 2023 láti tún ọ̀rọ̀ táàsì tò, ọmọ Ìkàràm ní Àkókó tiwa níbí ni. Mo ń sọ ọ́ torí àwọn kan ń sọ̀rọ̀ òfin yìí bíi pé Abuja lọ́hùn-ún nìkan ló ti wá.

Àwọn tó ń gba táàsì owó oṣù gan-an ńkọ́? Ìpínlẹ̀ tẹ́ ẹ ń gbé ló ni ín, ìlú tí wọ́n bí yín sí tàbí ibi tí olú ilé iṣẹ́ yín wà ò kàn án. Ẹ̀yin tẹ́ ẹ ń gbé Àkúrẹ́, ODIRS ló ń gba tiyín, iyẹn àjọ tó ń gbowó wọlé fún ìpínlẹ̀ Oǹdó. Olùkọ́ FUTA, yunifásítì ìjọba àpapọ̀ tó wà ní Àkúrẹ́ níbí, ìjọba àpapọ̀ ló ń san owó oṣù ẹ̀, síbẹ̀ ìpínlẹ̀ Oǹdó ni táàsì ẹ̀ ń wọlé sí tó bá ti ń gbé níbí. Ẹni tó ń gbé Àkúrẹ́ tó ń fi kọ̀ǹpútà ṣiṣẹ́ fún ilé iṣẹ́ kan ní Amẹ́ríkà, bákan náà, ibí ló ti máa san, torí ẹni tó bá ń gbé Nàìjíríà, gbogbo owó ẹ̀ níbikíbi láyé ló kan òfin. Ìyàtọ̀ díẹ̀ wà fún àwọn bí ọlọ́pàá, àjọ ti ìjọba àpapọ̀ ló ń gba tiwọn, èyí tá a mọ̀ sí FIRS tẹ́lẹ̀ tó ti di NRS báyìí.

Ó yá, ká wá dé orí ṣọ́ọ̀bù, ibẹ̀ lọ̀rọ̀ wà. Ẹ̀yin ni táàsì yìí kàn, kò kan ṣọ́ọ̀bù. Ohun tó ń da ọ̀pọ̀ èèyàn láàmú nìyẹn, wọ́n rò pé owó oṣù ní táàsì tiẹ̀, ṣọ́ọ̀bù ní tiẹ̀, wọ́n wá rò pé wọ́n ń fìyà jẹ àwọn lẹ́ẹ̀mejì. Lójú òfin ẹnì kan lẹ jẹ́, ohun tó wọlé láti ilé ìwé àti èrè tẹ́ ẹ rí níbi ìránṣọ, wọ́n máa dà á pọ̀, wọ́n á wá ṣírò ẹ̀ lẹ́ẹ̀kan ṣoṣo, èyí tí ilé ìwé ti yọ tẹ́lẹ̀, wọ́n á yọ ọ́ kúrò nínú ẹ̀. Owó tí wọ́n ti gba táàsì lórí ẹ̀ ní ilé ìwé, wọn ò ní tún gba òmíràn lórí ẹ̀. Ṣùgbọ́n ₦800,000 tí kò ní táàsì yẹn, ẹ̀ẹ̀kan náà ni wọ́n ń fún èèyàn, ẹ ti lò ó tán lórí owó oṣù, kò tún sí òmíràn fún ṣọ́ọ̀bù.

Mo ní èrè o, mi ò ní gbogbo owó tó wọlé. Ká ní aṣọ tẹ́ ẹ rán lọ́dún mú ₦1,200,000 wá. Òwú, síìpù, bọ́tìnnì, pétùróòlù jẹnẹrétọ̀, owó iná, àtúnṣe ẹ̀rọ, rẹ́ǹtì ṣọ́ọ̀bù, owó tẹ́ ẹ ń fún ọmọṣẹ́, ká ní gbogbo ẹ̀ jẹ́ ₦700,000. ₦500,000 lèrè yín, orí ẹ̀ ni táàsì dúró lé. Ẹ fi kún ₦1,596,000 àkọ́kọ́, ó di ₦2,096,000, ẹ yọ ₦800,000, ẹ gba 15% lórí ìyókù, ₦194,400. Ilé ìwé ti san ₦119,400 nínú ẹ̀ fún yín. ₦75,000 ló kù tẹ̀yin fúnra yín máa lọ san. Tẹ́ ẹ ò bá kọ ìnáwó sílẹ̀ ńkọ́, tó jẹ́ pé ₦1,200,000 ni wọ́n rí? Lórí ṣọ́ọ̀bù nìkan ₦180,000 ni wọ́n máa bá yín ṣírò. Ìwé àkọsílẹ̀ ₦500 kan lè gba ₦105,000 sílẹ̀ fún yín lọ́dún, ẹ̀gbọ́n, ẹ dákun ẹ rà á lónìí.

Bẹ́ ẹ ṣe máa kọ ọ́ nìyí. Ojú ewé kan fún owó tó wọlé, èkejì fún owó tó jáde, ọjọ́, orúkọ kọ́sítọ́mà, iye. Kọ́sítọ́mà tó gbé léèsì tiẹ̀ wá, owó iṣẹ́ nìkan lẹ máa kọ, aṣọ ẹ̀ kì í ṣe owó yín. Èyí tó fún yín ní ₦80,000 pé kẹ́ ẹ bá òun ra ańkárá ní Ọjà Ọba, kẹ́ ẹ sì yọ ₦15,000 owó iṣẹ́, ẹ kọ ọ́ bó ṣe rí, ₦80,000 wọlé, ₦65,000 jáde lórí aṣọ, kẹ́ ẹ gba rìsíìtì lọ́wọ́ oníṣọ́ọ̀bù ańkárá yẹn. Àsìkò ọdún àti àsìkò aṣọ ẹbí ni owó àwọn èèyàn máa ń wọlé rẹpẹtẹ sí akáǹtì télọ̀, tẹ́ni tó ń yẹ̀ ẹ́ wò bá wo akáǹtì láìsí ìwé á rò pé èrè ni gbogbo ẹ̀. Oúnjẹ ilé àti owó ilé ìwé ọmọ, ẹ má kọ wọ́n sínú ìnáwó ṣọ́ọ̀bù, wọn ò ní gbà á. Ẹ̀rọ ìránṣọ tuntun náà, a kì í yọ gbogbo owó ẹ̀ lọ́dún kan, wọ́n máa ń pín in sí ọdún díẹ̀. Tó bá ṣeé ṣe, ẹ ṣí akáǹtì mìíràn fún iṣẹ́ ìránṣọ, ẹ má jẹ́ kó dà pọ̀ mọ́ owó oṣù àti owó àbúrò yín.

Tẹ́ ẹ bá forúkọ ṣọ́ọ̀bù yín sílẹ̀ ní CAC, àjọ tó ń forúkọ òwò àti kọ́ńpìnnì sílẹ̀, gẹ́gẹ́ bí orúkọ òwò lásán, kò yí nǹkan kan padà. Ìdáríjì tẹ́ ẹ gbọ́ pé wọ́n fún kọ́ńpìnnì kékeré pé kó má san, kọ́ńpìnnì gidi ló wà fún, orúkọ òwò kì í ṣe kọ́ńpìnnì, ẹ̀yin tẹ́ ẹ ni ín lẹ máa san táàsì lórí èrè ẹ̀. Ọ̀pọ̀ èèyàn ti gbé ìròyìn yẹn kiri tí wọ́n sì ń sọ fún àwọn oníṣọ́ọ̀bù pé wọ́n ti bọ́.

Àwọn tó gbé bébà wá wàyí. Ẹ ka orí bébà yẹn dáadáa kẹ́ ẹ tó bínú, kẹ́ ẹ sì tó sanwó. Tó bá jẹ́ ìjọba ìbílẹ̀ ló kọ ọ́, owó ṣọ́ọ̀bù ni, kì í ṣe táàsì tá a ń sọ yìí, òfin 1998 tó pín owó gbígbà láàárín ìjọba mẹ́tẹ̀ẹ̀ta gbà fún wọn. Tó bá jẹ́ ti ìpínlẹ̀, ó lè jẹ́ owó ìforúkọsílẹ̀ ibi òwò, ìyẹn náà yàtọ̀. Owó méjèèjì yẹn, ẹ kọ wọ́n sí ìnáwó ṣọ́ọ̀bù. Tó bá jẹ́ ODIRS tó ní kẹ́ ẹ san táàsì lórí èrè, ẹ wò ó bóyá iye tí wọ́n kọ bá ìwé yín mu. Tí ò bá bá a mu, ẹ ní ọgbọ̀n ọjọ́ láti kọ lẹ́tà sí wọn pé ẹ ò fara mọ́ ọn, kẹ́ ẹ sọ ìdí, kẹ́ ẹ so ìwé yín mọ́ ọn. Ẹ má jẹ́ kí ọgbọ̀n ọjọ́ yẹn kọjá lórí ẹ̀rù tàbí ìbínú. Ẹnikẹ́ni tó bá ní kẹ́ ẹ kó owó lé òun lọ́wọ́, ẹ má fún un. Akáǹtì ìjọba lowó táàsì ń lọ, rìsíìtì sì gbọdọ̀ jáde. Kò sí ẹni tí òfin fún láyè láti fi igi dí ọ̀nà torí owó orí.

Àwọn ọlọ́jà tí wọn ò lè kọ̀wé, ìyá tó ń ta ata ní Ìsìnkàn, òfin fàyè gbà á kí wọ́n fojú díwọ̀n iye tó yẹ kó san, ṣùgbọ́n ₦800,000 yẹn ṣì jẹ́ tiẹ̀ náà. Nígbà ayé àwọn bàbá wa, owó orí tó ju agbára wọn lọ ni wọ́n ń bù fáwọn àgbẹ̀, ó wà lára ohun tó bí ìjà Àgbẹ́kọ̀yà ní 1968 sí 1969, táwọn àgbẹ̀ kòkó ní òkè mẹ́fà, ìyẹn ọgbọ̀n ṣílè, làwọn máa san, àwọn ò ní san jù bẹ́ẹ̀. Àwọn àgbà tó gbọ́ owó orí tí ojú wọn ń le, wọ́n ní ìdí.

Nǹkan kan tún wà tó ń dùn mí gan-an nínú iṣẹ́ yìí. Òmíràn nínú àwọn tó gbani síṣẹ́ ń yọ táàsì lówó òṣìṣẹ́ lóṣooṣù, kò sì kó o fún ìjọba. Ọjọ́ kẹwàá oṣù tó tẹ̀ lé e ni òfin ní kó ti san án. Òṣìṣẹ́ ò ní mọ̀, àfìgbà tó bá fẹ́ gba tax clearance, ìwé ẹ̀rí pé èèyàn ti san táàsì, fún nǹkan kan, tí wọ́n wo ọdún mẹ́ta sẹ́yìn tí wọn ò rí orúkọ ẹ̀. Mi ò sọ pé tiyín ń ṣe bẹ́ẹ̀ o. Ẹ ṣáà lọ sí ODIRS pẹ̀lú NIN yín, NIN yẹn náà ni nọ́ńbà táàsì yín báyìí, ẹ ní kí wọ́n bá yín wo ohun tó ti wọlé lórúkọ yín. Tí kò bá sí nǹkan kan níbẹ̀, pésílíìpù yín lẹ̀rí pé wọ́n ti yọ ọ́, ọrùn ẹni tó yọ ọ́ ni gbèsè yẹn wà. Torí náà ẹ má ju pésílíìpù nù láé.

Gbogbo ọdún, kó tó di 31 oṣù kẹta, kẹ́ ẹ ti kọ ìṣirò owó ọdún tó kọjá sí fọ́ọ̀mù, owó oṣù àti èrè ìránṣọ, kẹ́ ẹ ti fi sílẹ̀ fún ODIRS. Ẹ má rò pé torí ilé ìwé ń yọ tiyín, ẹ ti bọ́ nínú ẹ̀. Ìjìyà tó wà nínú òfin tuntun fún ẹni tí ò fi í sílẹ̀ jẹ́ ₦100,000 fún oṣù àkọ́kọ́, ₦50,000 fún oṣù kọ̀ọ̀kan tó bá tẹ̀ lé e, ìyẹn sì ju ₦75,000 tẹ́ ẹ jẹ lọ.

Ti àbúrò yín, ọkàn yín balẹ̀. Ẹ̀bùn kì í ṣe owó iṣẹ́, owó tí ọmọ ìyá ń fi ránṣẹ́ láti kọ́ ilé ìyá wọn, kò sí táàsì lórí ẹ̀. Owó tẹ́ ẹ yá náà kò ní. Kò sí òfin tó ní kí báǹkì gé nínú owó tó bá wọlé nítorí táàsì. Ohun tẹ́ ẹ ń rí ni ₦50 lórí owó tó bá tó ₦10,000 sókè, láti oṣù kìíní 2026 ẹni tó ń fi owó ránṣẹ́ ló ń san án, wọn kì í yọ ọ́ lára owó tó wọlé sí yín mọ́. Ohun kan ṣoṣo tó lè yí i padà ni tí àbúrò yín bá ń yọ nǹkan fún yín nínú ẹ̀ gẹ́gẹ́ bí owó iṣẹ́ pé ẹ̀ ń bójú tó bíríkìlà, ìyẹn ti di owó tẹ́ ẹ ṣiṣẹ́ fún, ẹ kọ ọ́ mọ́ tiyín. Ìyókù, ẹ tọ́jú ọ̀rọ̀ tẹ́ ẹ jọ sọ lórí WhatsApp nípa ilé náà àti rìsíìtì sìmẹ́ńtì àti ti irin, kó wà nílẹ̀ tẹ́nikẹ́ni bá béèrè ibi tówó ti wá.